Láti Ilé-Ifẹ̀ dé Àpápá

Òkun jìnnà sí Ilé-Ifẹ̀, síbẹ̀ kò sí ilé àgbẹ̀ oníkòkó níbẹ̀ tí wọn kò mọ orúkọ èbúté. Bí wọ́n bá ti wọn kòkó bàbá mi àgbà tán lójú ọ̀nà Òǹdó, ohun tí a máa ń gbọ́ ni pé, “Ó di Àpápá.” Mo rò pé ìrìnàjò ọjọ́ kan ni. Lóṣù tó kọjá, mo lọ fojú ara mi rí i.

Ọdún 1921 ni ìjọba amúnisìn bẹ̀rẹ̀ sí í kọ́ èbúté Àpápá. Kí n tó rí omi níbẹ̀, kirénì ni mo kọ́kọ́ rí, àti tírélà tó tò lọ bí ìjàlọ. Ẹni tó ń wò ó lókèèrè á rò pé gbígbé àti sísọ̀ ni iṣẹ́ ibẹ̀. Ìdúró ni. Ejẹ́ǹtì ń dúró de òǹtẹ̀ aṣọ́bodè. Aláàárù ń dúró de ejẹ́ǹtì. Ìyá olóńjẹ, tó ti dáná láti ìdájí, ń dúró de gbogbo wọn.

Mo bá awakọ̀ kan lórí ẹní lábẹ́ tírélà rẹ̀. Kòkó agbègbè Ifẹ̀ ló wà nínú kọ̀ǹténà tó gbé.

“Ẹ kú iṣẹ́, bàbá.”

“Iṣẹ́ kẹ̀? Ẹ kú ìjókòó ni kẹ́ ẹ wí, àǹtí.”

Ọjọ́ kẹrin rẹ̀ rèé. Iye ìrìnàjò ni wọ́n ń sanwó lé fún un, kì í ṣe iye ọjọ́. Inú owó kan náà ni oúnjẹ, omi ìwẹ̀ àti owó ọmọ ẹ̀yìn ọkọ̀ ti ń jáde. Ọmọ rẹ̀ obìnrin ń ṣe ìdánwò WAEC lọ́wọ́ ní Mọdákẹ́kẹ́. Orí fóònù ló ti ṣàdúrà fún un láàárọ̀. Kòkó náà kò fẹ́ràn ìdúró. Nínú kọ̀ǹténà, ó máa ń làágùn. Bí òógùn náà bá kán padà lé e, yóò bu, oníbàárà òkè òkun yóò sì dín owó rẹ̀ kù.

Ní oṣù Kejì ọdún 2021 ni wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í fi íntánẹ́ẹ̀tì pe tírélà wọlé. Ètò ni wọ́n sọ ọ́, orúkọ Yorùbá pọ́ńbélé (ó dùn mọ́ mi, n kò ní purọ́). Awakọ̀ yìí gbà pé ó sàn ju ìgbà tí wọ́n ń sùn lórí afárá fún ọ̀sẹ̀ gbáko.

Nígbà tó kù díẹ̀ kí ilẹ̀ ṣú, wọ́n pè é. Ó ká ẹní, ó jí ọmọ ẹ̀yìn ọkọ̀. Mo bi í léèrè bóyá yóò rí ọkọ̀ ojú omi tí yóò gbé kòkó náà.

“Ọdún kọkànlá mi rèé níbí, àǹtí. Ẹ̀yìn kọ̀ǹténà ni mo ń rí.”

Ó ṣáná sí ọkọ̀.