Ọlọ́pàá Kì Í Ṣe Adájọ́

Àwọn kan nínú ìjọ ń bẹ̀ wá pé ká bá wọn pe ọlọ́pàá tá a mọ̀, kó wá lé ayálégbé wọn síta. A ò ní ṣe é.

Òfin ọlọ́pàá Nàìjíríà ti 2020 sọ ọ́ kedere: wọn ò gbọdọ̀ mú èèyàn torí pé ó yẹ àdéhùn lásán. Kóòtù ló ń pàṣẹ kí ayálégbé kó jáde. Akódà kóòtù, tá a ń pè ní bélíìfù, ló ń mú àṣẹ náà ṣẹ. Ti ọlọ́pàá ni kí ìjà má bẹ́ sílẹ̀.

Onílé kan ti kó ọlọ́pàá méjì wá bá àwa náà rí, pé ká jáde nínú gbọ̀ngàn tá a háyà. A ní, “Ẹ jọ̀ọ́ sà, ìwé kóòtù dà?” Kò sí. Wọ́n padà. Ohun tó gba ìjọ sílẹ̀ lọ́jọ́ yẹn, ṣé ká wá fi du opó tó ń gbé ilé yín?

Àwọn àgbà ìlú ni Jésébẹ́lì lò fi gba ọgbà Nábótì. Ẹ má sọ wá di àgbà bẹ́ẹ̀. Ẹ fún ayálégbé níwèé kúìtì, ẹ gba kóòtù lọ, ẹ ní sùúrù. Ọlọ́run á dá ẹ̀tọ́ yín padà. Ẹ ṣàmín!