Olórin Ni Ògúndé Kó Tó Di Eléré

Bí a bá ń sọ ìtàn eré orí ìtàgé Yorùbá, orúkọ Hubert Ògúndé la sábà máa ń kọ́kọ́ dá, a ó sì pè é ní bàbá gbogbo eléré. Èmi tí mo ń kọ orin fún eré ní agbègbè Ìkàrẹ́ àti Ọ̀kà ní Àkókó gbà bẹ́ẹ̀, àmọ́ olórin ni Ògúndé kó tó di eléré, orin ló sì gbé iṣẹ́ náà ró. Lọ́dún 1944, nígbà tó ṣì wà lẹ́nu iṣẹ́ ọlọ́pàá, ìjọ aládùúrà kan ní Èbúté Mẹ́ta ní kó ṣe eré fún àwọn. Ìtàn ọgbà Édẹ́nì ló fi kọrin, gbọ̀ngàn Glover l'Ékòó ni wọ́n sì ti ṣe é. Nígbà tó dá ẹgbẹ́ tirẹ̀ sílẹ̀, African Music Research Party ló kọ́kọ́ sọ ọ́. Ẹ̀yìn náà ló tó di Ogunde Theatre Party. Orin ló ń wá kiri, eré ló tẹ̀ lé e.

Fún àwa ará Àkókó, ọ̀rọ̀ yìí ju ìtàn Èkó lọ. Èdè ilẹ̀ wa pọ̀ débi pé téèyàn bá kúrò ní Ìkàrẹ́, kò níí rìn jìnnà kó tó dé ìlú tí èdè inú ilé wọn kò jọ tirẹ̀. Ọ̀rọ̀ gígùn lórí ìtàgé lè bọ́ létí irú òǹwòran bẹ́ẹ̀, ṣùgbọ́n ègbè tí wọ́n bá gbà lẹ́ẹ̀mẹta yóò ti wà lẹ́nu ọmọdé kí eré tó parí. Àwọn ẹgbẹ́ eléré alárìnká ìgbà náà mọ èyí dáadáa. Lọ́sàn-án, ọkọ̀ wọn á máa yí ìlú ká pẹ̀lú ẹ̀rọ gbohùngbohùn, orin inú eré ni wọn á sì fi polówó rẹ̀. Lálẹ́, kí ẹnikẹ́ni tó sọ̀rọ̀, glee ló máa ń ṣáájú: àwọn obìnrin á jó jáde lẹ́sẹẹsẹ nínú aṣọ àǹkóò, olórí á lé orin, wọn á gbè é, kókó eré náà á sì ti wà nínú orin yẹn.

Àwọn kan ní orin ń bo ọ̀rọ̀ mọ́lẹ̀, pé eré tó fẹ́ kọ́ni lọ́gbọ́n kò yẹ kó máa jó. Ìtàn kò gbè wọ́n. Lẹ́yìn tí ọlọ́pàá yìnbọn pa àwọn awakùsà ní Enúgu lọ́dún 1949, Ògúndé gbé eré Bread and Bullet jáde lórí ọ̀rọ̀ náà lọ́dún 1950. Yorùbá Ronú ọdún 1964 bí ìjọba Ẹkùn Ìwọ̀-Oòrùn nínú tó bẹ́ẹ̀ tí wọ́n fi fòfin de ẹgbẹ́ rẹ̀ ní gbogbo ẹkùn náà, ìgbà tí ìjọba ológun dé lọ́dún 1966 ni wọ́n tó gbẹ́sẹ̀ kúrò lórí òfin náà. Wọ́n lè ti ilẹ̀kùn gbọ̀ngàn, wọn kò lè gba orin náà lẹ́nu aráyé, torí ó ti wà nínú rẹ́kọ́ọ̀dù.

Ẹlòmíràn á ní Dúró Ládiípọ̀ ló jinlẹ̀ jù, torí bàtá àti dùndún inú eré rẹ̀, Ọba Kò So. Bóyá ni mo lè jiyàn. Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ mi ni ìyẹn ń tì lẹ́yìn: ìlù tó fẹ́ lù ní ṣọ́ọ̀ṣì l'Óṣogbo, tí wọn kò gbà fún un, ló sún un dé orí ìtàgé.

Àtakò ti owó ló le jù. Ẹgbẹ́ tó ní onílù, onífèrè àti akọrin kò lè rọ́wọ́ mú nígbà tí nǹkan wọ́n, tí tẹlifíṣọ̀n sì mú òǹwòran jókòó sílé. Fídíò dé, ó gbé ìtàn lọ, ó fi olórin sílẹ̀. Òótọ́ ni, àmọ́ ìrìnàjò ló kú, orin kò kú. Akọrin ṣì wà ní ṣọ́ọ̀ṣì, ọmọ ilé ìwé ṣì ń ṣeré. Ẹ̀yin olórí akọrin àti olùkọ́ ní Ìkàrẹ́, ní Ọ̀kà, àti ní Yunifásítì Adékúnlé Ajáṣin ní Àkùngbá, ẹ jẹ́ kí àwọn ọmọ máa kọ orin tuntun fún eré wọn, kí ẹ sì gba orin àwọn àgbà eléré tó kù sílẹ̀ nígbà tí wọ́n ṣì lè kọ ọ́ fún yín.