Ìgbà Wo Ni Eré Yìí Yóò Parí?

Ọ̀pọ̀lọpọ̀ nínú yín ni ó mọ̀ pé ní ọdún 2023 àwa tọkọtaya rin ìrìn àjò lọ sí Chicago ní Amẹ́ríkà, láti lọ bá aya ọmọ wa wẹ ọmọ tuntun. A dúpẹ́ lọ́wọ́ gbogbo ẹ̀yin tí ẹ sìn wá dé ibi ọkọ̀, àti ẹ̀yin tí ẹ wá kí wa nígbà tí a dé. Ìyá wà ní àlàáfíà, ọmọ náà ti di ẹni tí ń sáré kiri ilé. Ṣùgbọ́n kì í ṣe ọ̀rọ̀ rẹ̀ ni a fẹ́ sọ. Ọ̀rọ̀ ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ni, ọmọ ọdún mọ́kànlá nígbà náà, tí ìyá àgbà ń pè ní Àjàní, àti ọ̀rọ̀ eré kan tí ó fẹ́rẹ̀ẹ́ ba ilé náà jẹ́ mọ́ wa lójú fún odidi ọ̀sẹ̀ kan. Akọ̀wé ẹgbẹ́ wa ni ó ní kí a kọ ọ́, nítorí pé ọ̀pọ̀ ìdílé nínú wa ni wọ́n ní ọmọ lọ́hùn-ún, tí àwọn ọmọ-ọmọ sì ń sọ̀rọ̀ eré yìí lórí tẹlifóònù tí a kò sì mọ ohun tí a ó fi dá wọn lóhùn.

Bésíbọ́ọ̀lù ni wọ́n ń pè é. Ní ọjọ́ àkọ́kọ́ tí wọ́n mú wa lọ wò ó, a jókòó sínú oòrùn, a ń wo àwọn ènìyàn tí wọ́n dúró káàkiri pápá bí ẹni tí ń retí ọkọ̀. Nígbà tí ó ṣe, a bi ọmọ wa pé, “Aago mélòó ni yóò parí?” nítorí pé a fẹ́ mọ ìgbà tí a ó gbé ọbẹ̀ kaná. Ó rẹ́rìn-ín. Ó ní, “Bàbá, ẹ má bínú, eré yìí kò ní aago.” A rò pé ó ń fi wá ṣe yẹ̀yẹ́.

Òótọ́ ni ó sọ. Bọ́ọ̀lù àfẹsẹ̀gbá tí àwa mọ̀, 90 ìṣẹ́jú ni, rẹfirí yóò fi díẹ̀ kún un, yóò sì fun fèrè, kí olúkúlùkù máa lọ sílé rẹ̀. Èyí kò rí bẹ́ẹ̀. Bí ayò ọlọ́pọ́n ni ó rí. Ta ni ń wo aago nídìí ayò? Ìgbà tí ọmọ ayò bá tán ni ayò tán. (Àwọn kan yóò sọ pé ìpàdé ẹgbẹ́ wa ni ó jọ jù, èyí tí a ń pè ní aago mẹ́rin tí ẹnikẹ́ni kò lè sọ ìgbà tí yóò túká. A kò bá wọn jiyàn.)

Ẹgbẹ́ méjì ni ó ń ṣe é. Ọ̀kan ń fi igi lu bọ́ọ̀lù ní ọ̀kọ̀ọ̀kan, èkejì tú ká sínú pápá láti mú un. Ibi tí ẹni tí ń lù dúró sí, ilé ni wọ́n ń pè é. Àwa kọ́ ni a fún un ní orúkọ náà. Bí ó bá lu bọ́ọ̀lù, yóò sáré kúrò nílé lọ sí bèèsì kìn-ín-ní, dé èkejì, dé ẹ̀kẹta, kí ó tó tún padà wá sílé. Ìgbà tí ó bá fi ẹsẹ̀ kan ilé ni wọ́n tó kọ àmì kan sílẹ̀ fún ẹgbẹ́ rẹ̀. Bí ó bá sáré dé bèèsì kẹta tí ó kú síbẹ̀, asán ni gbogbo làálàá rẹ̀. Nígbà tí ìyá àgbà gbọ́ èyí, ó ní, “Ilé ni àbọ̀ sinmi oko,” ó sì yíjú sí ọmọ wa, ó bi í pé òun náà ńkọ́, ìgbà wo ni ó ń bọ̀ wálé? Ọmọ wa sọ pé oòrùn ti mú jù, òun fẹ́ lọ ra omi tútù wá.

Bí a bá mú ènìyàn mẹ́ta jáde lára àwọn tí ń lù, àwọn náà yóò bọ́ sí pápá, àwọn ti pápá yóò wá lù. Bí ẹgbẹ́ méjèèjì bá ti lù báyìí, abala kan parí. Abala mẹ́sàn-án ni ti àwọn àgbà, mẹ́fà ni ti àwọn ọmọdé bí Àjàní. Àlejò ní ń kọ́kọ́ lù, onílé ní ń kẹ́yìn. Nítorí náà, bí àlejò bá lu ti abala kẹsàn-án tán tí onílé sì wà níwájú, ó parí nìyẹn, onílé kò tún fi ọwọ́ kan igi mọ́. Bí onílé bá wà lẹ́yìn, tàbí tí wọ́n dọ́gba, yóò lù, ìṣẹ́jú tí ó bá sì ti jẹ àmì tí ó fi borí, eré ti parí lójú ẹsẹ̀, kò sí fèrè. Bí wọ́n bá tún dọ́gba, abala kẹwàá ni, ìkọkànlá ni, títí ẹnìkan yóò fi borí ẹnìkan.

Ẹ jẹ́ kí a sọ bí “títí” yìí ṣe lè gùn tó. Ní ọjọ́ 18 oṣù Kẹrin ọdún 1981, ọjọ́ Sátidé tí ó ṣáájú Àjíǹde, ẹgbẹ́ Pawtucket àti ẹgbẹ́ Rochester bẹ̀rẹ̀ eré ní alẹ́ ní ìlú Pawtucket ní Rhode Island. Ilẹ̀ ń ṣú sí i, otútù ń mú sí i, débi pé àwọn agbábọ́ọ̀lù dáná igi tí ó ti ṣẹ́ láti fi yá ara wọn. Aago mẹ́rin òwúrọ̀ ọjọ́ Àjíǹde kọjá ìṣẹ́jú méje kí àwọn aláṣẹ tó ní kí wọ́n dáwọ́ dúró. Abala 32 ni wọ́n wà, méjì sí méjì. Nínú gbogbo òǹwòran, ènìyàn 19 ni ó kù. Wọ́n padà wá ní ọjọ́ 23 oṣù Kẹfà láti parí rẹ̀, ìṣẹ́jú 18 péré ni ó sì gbà wọ́n: Pawtucket borí ní abala 33. Bí a bá ro gbogbo rẹ̀ pọ̀, wákàtí mẹ́jọ àti ìṣẹ́jú 25. A rò ó wò, àwọn ènìyàn 19 wọ̀nyí, kí ni wọ́n sọ fún àwọn ìyàwó wọn nígbà tí wọ́n délé?

Àwọn Amẹ́ríkà fúnra wọn ti mọ̀ pé ó ń pọ̀ jù. Láti ọdún 2020, nínú eré àwọn ẹgbẹ́ ńlá, wọ́n ń fi ẹnìkan sí bèèsì kejì lọ́fẹ̀ẹ́ bí abala kẹwàá bá bẹ̀rẹ̀, kí ọ̀nà ilé lè kúrú. Ní ìparí ọdún tí wọ́n ń du ife nìkan ni wọn kì í ti ṣe bẹ́ẹ̀. Ní ọdún 2023 gan-an tí a lọ, wọ́n gbé aago kan síwájú ẹni tí ń ju bọ́ọ̀lù, kí ó má baà dúró pẹ́ jù kí ó tó jù ú. Eré tí ń gba wákàtí mẹ́ta wá ń gba nǹkan bí wákàtí méjì àti ogójì ìṣẹ́jú. Ṣùgbọ́n ọwọ́ ajùbọ́ọ̀lù ni aago náà ń lé o, kì í ka iye àkókò tí eré yóò gbà.

Òjò lè dá a dúró. Òkùnkùn pẹ̀lú lè ṣe bẹ́ẹ̀ láyé àtijọ́. Ní Chicago tí a wà yìí, pápá Wrigley tí wọ́n ti ń lò láti ọdún 1914 kò ní iná alẹ́ títí di ọdún 1988. Ọjọ́ 8 oṣù Kẹjọ ni wọ́n kọ́kọ́ tan iná fún eré, gbogbo ìlú jáde wá wò ó, òjò sì rọ̀ tí ó fi fọ eré náà dànù. Ọjọ́ kejì ni wọ́n tó rí òmíràn ṣe parí.

Ó wá ku ọjọ́ Àjàní. Ọjọ́ Sátidé ni. Ẹgbẹ́ rẹ̀ ni onílé, abala kẹfà ni, mẹ́rin sí mẹ́rin, ènìyàn méjì ti jáde. Ọmọ kan wà ní bèèsì kẹta, Àjàní wà ní bèèsì kìn-ín-ní. Ọ̀rẹ́ rẹ̀ kan lu bọ́ọ̀lù, bọ́ọ̀lù náà fò gba àárín pápá lọ, ọmọ tí ó wà ní bèèsì kẹta sáré wọlé. Gbogbo àwọn òbí fò sókè. Àwa náà fò sókè. Àjàní ti ń sáré lọ sí bèèsì kejì. Ó dúró lójú ọ̀nà, ó yí padà, ó sáré wá bá àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ tí wọ́n ń fò mọ́ra wọn. Ọmọ kan nínú àwọn àlejò mú bọ́ọ̀lù, ó rọra rìn lọ tẹ bèèsì kejì. Rẹfirí ná ọwọ́ sókè. Ó ní Àjàní ti jáde, òun ni ẹnì kẹta, nítorí náà àmì tí wọ́n jẹ kò sí mọ́. Bí òfin ṣe rí nìyẹn: ẹni tí ẹni ẹ̀yìn rẹ̀ ń lé bọ̀ gbọ́dọ̀ fi ẹsẹ̀ kan bèèsì tí ó kàn án, ì báà jẹ́ pé gbogbo ayé ti ń jó. Wọ́n bọ́ sí abala keje, àwọn àlejò jẹ àmì méjì, tiwa kò rí ọ̀kan.

Nínú ọkọ̀ ni bàbá rẹ̀ ti bẹ̀rẹ̀. “Ta ni ó sọ fún ọ pé eré ti parí?” Ìgbà mẹ́ta ni ó bi í. Ọmọ náà kò dáhùn. Kò jẹun lálẹ́. Ní ọjọ́ Ajé ó ní òun kò lọ sí pápá mọ́. Ìyá rẹ̀ bẹ̀ ẹ́, ó yíjú sí ògiri.

Ẹ̀yin ará, a fẹ́ jẹ́wọ́ ohun kan. Àwa ni a sọ fún un pé eré ti parí. Nígbà tí a fò sókè, a ké pè é pẹ̀lú gbogbo agbára wa, “Àjàní o! Máa bọ̀! Máa bọ̀!” Ní èdè Yorùbá ni a fi pè é, nínú gbogbo ariwo náà òun nìkan ni ó yé, ohùn wa ni ó sì gbọ́ tí ó fi yí padà. Ó mọ̀ bẹ́ẹ̀. Kò sọ fún bàbá rẹ̀. Ọmọ ọdún mọ́kànlá ń bo àgbà méjì láṣìírí, àgbà méjì ń jókòó tí oúnjẹ, wọ́n ń dákẹ́. Ọjọ́ mẹ́rin ni a fi dákẹ́. A ti bá àwọn ọmọ tiwa wí nígbà kan nítorí ohun tí kò tó bẹ́ẹ̀.

Ní alẹ́ ọjọ́ Ọjọ́rú a sọ ọ́ nídìí oúnjẹ. Ọmọ wa fi ṣíbí sílẹ̀. Ó wò wá títí, a rò pé yóò bínú. Kàkà bẹ́ẹ̀, ó dìde lọ bá ọmọ rẹ̀ nínú yàrá, ó jókòó sí etí bẹ́ẹ̀dì, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í sọ ìtàn kan tí àwa náà dúró lẹ́nu ọ̀nà gbọ́.

Ó ní ní ọjọ́ 23 oṣù Kẹsàn-án ọdún 1908, ní New York, ẹgbẹ́ Giants ti ìlú náà ń bá ẹgbẹ́ Cubs ti Chicago ṣeré. Ọmọ ọdún 19 kan, Fred Merkle, ni ó wà ní bèèsì kìn-ín-ní, nítorí pé ara ẹni tí ń dúró níbẹ̀ kò yá. Ọ̀kan sí ọ̀kan, abala kẹsàn-án, ènìyàn méjì ti jáde, ẹnìkan wà ní bèèsì kẹta. Al Bridwell lu bọ́ọ̀lù, ti bèèsì kẹta wọlé, èrò ya wọ inú pápá. Merkle rí èrò, ó yà kúrò lọ́nà láì dé bèèsì kejì. Johnny Evers ti Cubs ń ké pé kí wọ́n fún òun ní bọ́ọ̀lù. Bóyá bọ́ọ̀lù eré náà ni ó gbà tàbí òmíràn, wọ́n ń jiyàn rẹ̀ títí di òní. Ó tẹ bèèsì kejì. Rẹfirí Hank O'Day ní Merkle ti jáde. Ilẹ̀ ti ń ṣú, èrò kò ṣeé lé, eré di ọ̀mì.

Èyí tí ó dùn wá jù ni pé bí gbogbo wọn ti ń ṣe nígbà náà ni Merkle ṣe. Ní ọjọ́ 4 oṣù kan náà, ní Pittsburgh, ẹlòmíràn ti ṣe bẹ́ẹ̀, Evers yìí kan náà pariwo, O'Day yìí kan náà ni rẹfirí, ó sì ní òun kò rí i. Orí ọmọ ọdún 19 ni òfin wá já lé. Nígbà tí ọdún eré parí tí ẹgbẹ́ méjèèjì dọ́gba, wọ́n tún eré náà ṣe ní ọjọ́ 8 oṣù Kẹwàá, Cubs borí, ọdún náà ni wọ́n sì gba ife tí wọn kò tún rí gbà mọ́ títí di ọdún 2016. Òmùgọ̀ ni wọ́n ń pe Merkle títí ó fi kú ní ọdún 1956. Ṣùgbọ́n John McGraw tí ó jẹ́ ọ̀gá rẹ̀ kò lé e. Ó gbá a fún ọ̀pọ̀ ọdún lẹ́yìn náà, ó tilẹ̀ gbá a fún Cubs.

Láti ọjọ́ Sátidé, a kò tíì gbọ́ ohùn Àjàní dáradára. Ó jókòó. Ó ní, “Fún Cubs?”

Bàbá rẹ̀ ní, “Fún Cubs.”

Ó ní kí ìyá àgbà bá òun gbé àkàrà wá.

Ní Sátidé tí ó tẹ̀lé e, a tún lọ. Abala kẹfà, wọ́n tún dọ́gba, gbogbo bèèsì kún, Àjàní wà ní èkejì. Ọ̀rẹ́ rẹ̀ lu bọ́ọ̀lù, ti bèèsì kẹta wọlé, àwọn òbí fò sókè, àwọn ọmọ ya lu ara wọn. Àjàní sáré dé bèèsì kẹta, ó fi ẹsẹ̀ méjèèjì gùn ún, ó dúró. Wọ́n ń pè é, kò kúrò. Àwọn àlejò ti ń di ẹrù wọn. Rẹfirí ti bọ́ ìbòjú rẹ̀, ó ti ń lọ sí ìdí ọkọ̀ rẹ̀. Ọmọ náà ṣì wà lórí bèèsì, ó wo apá ọ̀dọ̀ wa. Àwa méjèèjì fi ọwọ́ bo ẹnu.