Máòsì Wo Ni Ó Bá Ọwọ́ Mu?

Ọpẹ́ ni fún Ọlọ́hun Ọba tí Ó dá ọwọ́ fún wa, tí Ó sì pín ìka sí i lára, kí á lè fi ṣe iṣẹ́ tí ẹranko kò lè fi tirẹ̀ ṣe. Kí ìkẹ́ àti ọlà Ọlọ́hun máa bá Ànábì wa Muhammad, àwọn ará ilé rẹ̀ àti àwọn sàhábà rẹ̀.

Ọ̀rọ̀ tí mo mú wá yìí lè dàbí ọ̀rọ̀ kékeré lójú àwọn kan. Ọ̀rọ̀ máòsì ni, ohun tí a fi ń darí ọfà lójú kọ̀ǹpútà. Kọ̀ǹpútà 12 ni ó wà ní ilé-kéwú wa, ṣùgbọ́n máòsì tó ń ṣiṣẹ́ nínú wọn kò ju 4 lọ. Ẹgbẹ́ òbí dá owó jọ, wọ́n ní kí n lọ ra tuntun wá. Owó ìyá oníṣu wà nínú owó náà, owó ọlọ́kadà wà níbẹ̀, owó opó kan tí a ní kó má dá, tó kọ̀ tó sì dá, wà níbẹ̀ pẹ̀lú. Àmánà ni. Ẹni tí wọ́n bá fi irú owó bẹ́ẹ̀ rán níṣẹ́ kò gbọdọ̀ dé ọjà kí ó máa nawọ́ sí èyí tó ń dán jù. Ìdí nìyí tí mo fi wádìí ọ̀rọ̀ náà dáadáa, tí mo sì fẹ́ kí ẹ̀yin tí ẹ ń ra kọ̀ǹpútà fún ọmọ yín nílé gbọ́ ohun tí mo rí.

Àwọn ọmọ kéwú kọ́kọ́ bi mí pé kí ló dé tí wọ́n fi ń pe nǹkan yìí ní eku. Èdè Lárúbáwá náà kò yà kúrò níbẹ̀, fa'ra ni wọ́n ń pè é, eku náà ni. Ọmọkùnrin kan tó ti ka hádíìsì díẹ̀ ní, “Ùsítáàsì, ṣebí Ànábì kìlọ̀ fún wa nípa eku? Ṣebí wọ́n ní kí á máa pa fìtílà kí á tó sùn, kí eku má baà fa òwú rẹ̀ kí ó dáná sun ilé mọ́ onílé?” Mo rẹ́rìn-ín. Mo ní òótọ́ lo sọ, ṣùgbọ́n eku tiwa yìí, ìrù nìkan ló fi jọ eku. Wáyà tó jáde lára rẹ̀ lọ sínú kọ̀ǹpútà ni wọ́n wò tí wọ́n fi sọ ọ́ lórúkọ bẹ́ẹ̀.

Ọmọ Amẹ́ríkà kan, Douglas Engelbart, ni ó ronú rẹ̀. Ẹnìkejì rẹ̀ lẹ́nu iṣẹ́, Bill English, ni ó kan àkọ́kọ́ rẹ̀ ní 1964 ní California. Igi ni wọ́n fi ṣe é o, bí àpótí kékeré, bọ́tìnnì kan ló wà lórí rẹ̀, kẹ̀kẹ́ méjì ló sì wà lábẹ́ rẹ̀, ọ̀kan fún ìlọ síwá-sẹ́yìn, ọ̀kan fún ìlọ sọ́tùn-ún sósì. Ní ọjọ́ 9 oṣù December 1968, Engelbart gbé e hàn fún àwọn onímọ̀ ní San Francisco. Lọ́dún kan náà, ilé-iṣẹ́ Telefunken ní Jámánì gbé èyí tí ó ní bọ́ọ̀lù nínú jáde. Títí Engelbart fi kú ní 2013, kò gba owó ọlà kankan lórí máòsì, nítorí pé ẹ̀tọ́ tí ìjọba fi dáàbò bò ó ti parí kí máòsì tó wọ ilé gbogbo ènìyàn. Ọ̀rọ̀ yìí máa ń ká mi lára. Mélòó nínú àwọn alfa tó kọ́ wa ní àlífù àti bá'ù ni wọ́n jẹ èrè rẹ̀ lórí ilẹ̀ ayé?

Ẹ jẹ́ kí á bọ́ sójà. Bí mo bá ní kí n ka gbogbo irú tó wà níbẹ̀, ilẹ̀ á ṣú. Onítòkunbọ̀ kan kọ́kọ́ fi èyí tí ó ní bọ́ọ̀lù lọ̀ mí, owó rẹ̀ kò tó nǹkan. Àwa tí a ti lo kọ̀ǹpútà kí 2000 tó dé mọ irú rẹ̀. Bọ́ọ̀lù rọ́bà kan wà lábẹ́ rẹ̀ tí ń yí bí ẹ bá ń tì í. Bí ó ti ń yí ni yóò máa yí ọ̀pá kékeré méjì nínú rẹ̀, àwọn ọ̀pá náà ni wọn yóò sì sọ fún kọ̀ǹpútà ibi tí ọwọ́ ń lọ. Ìṣòro rẹ̀ ni eruku. Ẹ fojú inú wo ìgbà ọyẹ́ nílẹ̀ wa! Bọ́ọ̀lù á kó ìdọ̀tí wọlé, ìdọ̀tí á lẹ̀ mọ́ ọ̀pá, ọfà á wá máa fò bí ẹlẹ́ńgà. Èékánná la máa ń fi há a kúrò. Ẹni tó bá sì mọ ọmọ ilé-ìwé yóò mọ̀ pé bọ́ọ̀lù náà kì í pẹ́ nínú rẹ̀ kí ó tó di ohun ìṣeré lẹ́yìnkùlé. Mo dá a padà fún un. Ohun tó pọ́ kù díẹ̀ kó bàjẹ́ kò pọ́ fún owó opó.

Èyí tó ń fi iná ṣiṣẹ́ ni ó gbòde báyìí. Ẹ dojú rẹ̀ délẹ̀ kí ẹ wò ó, iná kékeré kan wà níbẹ̀, pupa ni a máa ń rí jù. Lẹ́gbẹ̀ẹ́ iná yìí ni kámẹ́rà kan wà tí kò tó èékánná ìka, ó ń ya àwòrán ojú tábìlì ní ìgbà tó lé ní 1,000 láàárín ìṣẹ́jú àáyá kan ṣoṣo. Yóò fi àwòrán kan wé èkejì, bí àmì kékeré ara tábìlì bá ti ṣí nípò sí ni yóò fi mọ̀ ibi tí ọwọ́ yín gbà. Sùbúhánà-Lọ̀ọ́! Ọmọ ènìyàn ṣe èyí, ojú tí Ọlọ́hun dá sí wa lórí ńkọ́?

Nítorí pé àwòrán ni ó ń wò, kì í fẹ́ràn dígí. Bí ẹ bá gbé e lé tábìlì onídígí tàbí ohun tó ń dán bíi jígí, kò ní rí àmì kankan láti fi ṣe òṣùwọ̀n, ọfà á dúró gbagidi tàbí kó máa gbọ̀n. Ẹ fi pépà lásán sábẹ́ rẹ̀, ó tán. Ọmọ kan mú wàláà àtijọ́ kan wá láti inú kọ́bọ́ọ̀dù wa, ó ní igi rẹ̀ á dára púpọ̀ fún un. Òótọ́ ni, igi wàláà ní àmì tí kámẹ́rà náà fẹ́. Ṣùgbọ́n n kò gbà. A ti fọ wàláà náà, kò sí tàdáà lórí rẹ̀ mọ́, síbẹ̀ ọ̀rọ̀ Ọlọ́hun ti gbé orí rẹ̀ rí, n kò sì fẹ́ kí ọmọ máa fa eku kiri lórí ohun tí òbí rẹ̀ fi kọ́ Àlùkùránì. Ẹ̀yìn kàlẹ́ńdà ọdún tó kọjá la gé, ó sì ń ṣiṣẹ́.

Lẹ́yìn èyí ni ọ̀rọ̀ wáyà. Àwọn ọ̀dọ́ máa ń fẹ́ èyí tí kò ní wáyà, nítorí ó mọ́ tónítóní lójú. Bátìrì ni ó ń lò, ó sì ní ohun kékeré kan tí a ń kì bọ inú kọ̀ǹpútà, èyí tí kò ju orí ìka lọ. Mo ní ọ̀kan tí mo máa ń lò bí mo bá ń kọ́ àwọn àgbà, kí n lè dúró lọ́nà jíjìn sí kọ̀ǹpútà. N kò bú u. Ṣùgbọ́n olúkúlùkù máòsì bẹ́ẹ̀ ló mọ ti rẹ̀. A dán 3 wò nínú yàrá kan náà, àwọn ọmọ pààrọ̀ wọn láàárín ọjọ́ kan. Ọmọ kan ń ti máòsì níhìn-ín, ọfà ń rìn lójú kọ̀ǹpútà ọmọ mìíràn lọ́hùn-ún, ẹni tí ọfà rẹ̀ ń dá rìn sì ń ké “A'ùúsù!” pé àlùjànnú ti wọ kọ̀ǹpútà òun. A rẹ́rìn-ín títí. Lẹ́yìn ẹ̀rín, ẹ bi ara yín pé ta ni yóò máa ra bátìrì? Máòsì oníwáyà ń gba iná lára kọ̀ǹpútà fúnra rẹ̀, a kì í wá a tì. Fún yàrá tí ọmọ 12 ń wọ̀ tí wọ́n ń jáde, èmi fara mọ́ ti oníwáyà pátápátá.

Àwọn tó ń tà á yóò tún fi nọ́ńbà dẹ́rù bà yín. Wọ́n á ní ti òun jẹ́ 6,400, ti aládùúgbò òun jẹ́ 1,000 péré. Ohun tí nọ́ńbà náà ń sọ ni bí ọfà yóò ti rìn jìnnà tó bí ọwọ́ bá rìn ní ínṣì kan. Ẹni tó ń ta ayò lórí kọ̀ǹpútà lè fẹ́ ńlá. Ẹni tó fẹ́ fi ọfà há àárín lẹ́tà méjì nínú ọ̀rọ̀ Lárúbáwá, tàbí tó fẹ́ fi àmì sórí ọ̀rọ̀ Yorùbá, 1,000 ti tó o, èyí tó yára jù á kàn máa fò kọjá ni. Ohun tí ó yẹ kí ẹ yẹ̀ wò ni bọ́tìnnì. Ẹ tẹ̀ ẹ́ lójú ẹni tó ń tà á, bóyá ẹ̀ẹ̀kan ni ó kà tàbí ẹ̀ẹ̀méjì. Kí ẹ sì na wáyà rẹ̀ wò, àwọn kan wà tí wáyà wọn kò dé ẹ̀yìn kọ̀ǹpútà orí tábìlì.

Olùkọ́ ẹlẹgbẹ́ mi kan tó ń tẹ ìbéèrè ìdánwò fún wa ti ń ráhùn pé ìka òun ń kú tipiri lóru. Dókítà sọ fún un pé iṣan kan tó gba inú ọrùn ọwọ́ kọjá ni ó ń há. Ó ní kó dín iṣẹ́ kù, kó máa sinmi ọwọ́, ó sì ní kó gbìyànjú máòsì tó dúró lóòró, èyí tí a máa ń dì mú bí ẹni tó fẹ́ bọ ènìyàn lọ́wọ́. Dókítà náà kò purọ́ fún un pé oògùn ni. Mo rà á fún un. Mo tún ra ọ̀kan tí ó ní bọ́ọ̀lù lókè fún àgbà alfa wa tí ọwọ́ rẹ̀ ń gbọ̀n. Eléyìí kì í rìn rárá, ojú kan ni yóò jókòó sí, ìka ni a fi ń yí bọ́ọ̀lù náà, bí ọfà bá ti dé ibi tí a fẹ́, a lè gbé ìka kúrò lórí bọ́ọ̀lù kí á tó tẹ bọ́tìnnì. Ọwọ́ tó ń gbọ̀n kò wá lè gbé ọfà lọ mọ́. Àwọn kan nínú ẹgbẹ́ òbí ní owó méjèèjì yìí pọ̀. Ó pọ̀ lóòótọ́. Mo fi rìsíìtì hàn wọ́n, mo sì ní kí wọ́n wá wo alfa náà níbi tó ti ń tẹ kùtúbà Jímọ̀ rẹ̀ fúnra rẹ̀.

Èyí tó ku ni ọ̀rọ̀ ọmọbìnrin kan, ọmọ ọdún 13, ọlọ́wọ́ òsì ni. Ọ̀pọ̀ máòsì tó lẹ́wà lọ́jà ni wọ́n gbẹ́ fún ọwọ́ ọ̀tún nìkan: àtàǹpàkò ní ihò tirẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, ọwọ́ òsì kò lè gbá a mú. Bàbá rẹ̀ gbọ́ pé mò ń wá èyí tó rí bákan náà lọ́tùn-ún lósì, ó wá bá mi lẹ́yìn ìrun àsárì. Ó ní, “Alfa wa, ẹ má bínú. Ṣé ẹ̀yin náà ni ẹ ó ràn án lọ́wọ́? Ọ̀tún ni Ànábì fẹ́ràn.” Mo ní, “Alhaji, òótọ́ lẹ sọ. Ọwọ́ wo ni ọmọ yìí fi ń jẹun?” Ó ní ọ̀tún. “Ọwọ́ wo ló fi ń gba nǹkan lọ́wọ́ àgbà?” Ó ní ọ̀tún náà ni. Mo ní ẹ̀kọ́ yẹn ti wọlé nígbà náà, kí Ọlọ́hun san ẹ̀san fún ẹni tó kọ́ ọ. Ṣùgbọ́n bí ẹnì kan nínú 10 ni Ọlọ́hun dá bẹ́ẹ̀, kì í ṣe àgídí. Bí a bá ní kó fi ọ̀tún darí ọfà, yóò gba wákàtí kan lórí iṣẹ́ tí ẹgbẹ́ rẹ̀ fi ogún ìṣẹ́jú ṣe, a ó sì máa pè é ní olódo. Ó ti fẹ́ sá kúrò ní kíláàsì kọ̀ǹpútà rí nítorí ìyẹn.

Alhaji kò dá mi lóhùn. Ó bọ̀ mí lọ́wọ́, ó lọ. Mo ra 12 tó rí bákan náà lọ́tùn-ún lósì, owó wọn kò tilẹ̀ ju ti àwọn yòókù lọ.

Nínú kọ̀ǹpútà, ibi kan wà tí a ti lè pààrọ̀ bọ́tìnnì, kí iṣẹ́ èyí tó wà lósì bọ́ sọ́tùn-ún. Mo fi hàn án. Ó ṣe é fún ọ̀sẹ̀ kan, ṣùgbọ́n ọmọkùnrin tó ń lo kọ̀ǹpútà náà lẹ́yìn rẹ̀ ń pariwo pé máòsì òun ti ya wèrè. Ni ọmọbìnrin yìí bá dá bọ́tìnnì padà sí bí ó ti wà. Ó gbé máòsì sí ẹ̀gbẹ́ òsì, ó sì ń fi ìka àárín tẹ èyí tí àwa ń fi ìka ìlábẹ̀ tẹ̀. Nígbà tó bá parí, á gbé e padà sọ́tùn-ún fún ẹni tó kàn. Ní Sátidé tó kọjá, òun ló tẹ ojú ìwé 3 nínú ìwé ìròyìn ilé-kéwú wa, Lárúbáwá àti Yorùbá. Bàbá rẹ̀ gba ẹ̀dà tirẹ̀ lọ́wọ́ mi, ó kà á lórí ìdúró, ó sì béèrè bóyá a lè fún òun ní ẹ̀dà kan sí i fún ìyá àgbà.