Ẹ Mọ Omi Ilé Yín Kí Ẹ Tó Ra Ẹ̀rọ RO

Iṣẹ́ omi ni mo fi ń jẹun l'Ékòó. Mo ń de páìpù, mo ń tún pọ́ǹpù ṣe, mo sì ń so ẹ̀rọ RO (reverse osmosis), ẹ̀rọ tó ń sẹ́ omi, mọ́ abẹ́ síńkì fún àwọn tó fẹ́ máa mu omi tó mọ́ nínú ilé ara wọn. Kò sí irú omi tí ojú mi ò tíì rí: omi oníyọ̀ Ajah, omi tó ń pọ́n bó bá dúró, omi tó mọ́ lójú tó sì ń rùn. Síbẹ̀, omi búburú kò dùn mí tó ọ̀rọ̀ tí àwọn èèyàn ń gbọ́ nípa ẹ̀rọ yìí. Ẹnì kan á kó owó àjọ rẹ̀ ra ẹ̀rọ tí omi ilé rẹ̀ kò nílò. Ẹlòmíì tí iyọ̀ ti ba kànga rẹ̀ jẹ́ á ní òun ò lè mu omi RO láéláé, torí wọ́n ní ó máa ń jẹ eegun. Owó ń ṣòfò, àwọn ọmọ ń mu ohun tí kò yẹ kí wọ́n mu, àhesọ ló sì fa gbogbo rẹ̀. Ìdí nìyẹn tí mo fi fẹ́ sọ ohun tí iṣẹ́ yìí ti kọ́ mi.

Iyọ̀ ni wọ́n tìtorí rẹ̀ ṣe ẹ̀rọ náà. Ní ìparí àwọn ọdún 1950, Sidney Loeb àti Srinivasa Sourirajan wà ní yunifásítì UCLA ní Kalifóníà, wọ́n ń wá ọ̀nà tí omi òkun yóò fi di omi mímu. Wọ́n ṣe awọ tín-ín-rín kan tó ń jẹ́ kí omi kọjá, tó sì ń dá iyọ̀ dúró. Nígbà tó di 1965, ìlú kékeré kan tó ń jẹ́ Coalinga, ní Kalifóníà kan náà, ti ń mu omi tí irú awọ bẹ́ẹ̀ sẹ́, nítorí pé omi ilẹ̀ wọn níyọ̀ jù. Membrane là ń pe awọ náà. Ihò ara rẹ̀ kéré débi pé omi kò lè dédé gbà á kọjá. Àfi kí a fi agbára tì í. Omi tó bá kọjá là ń mu. Èyí tó kù, tó ru iyọ̀ àti ìdọ̀tí, ń gba páìpù mìíràn lọ sínú gọ́tà. Iyọ̀ ni iṣẹ́ rẹ̀, agbára ló fi ń ṣe é. Ẹni tó bá di ohun méjì yìí mú, púpọ̀ nínú àhesọ tó wà nílẹ̀ ò ní lè tàn án jẹ mọ́.

Ẹ jẹ́ ká mú ti agbára ṣáájú. Màmá kan ní Badore pè mí pé ayédèrú ẹ̀rọ ni wọ́n tà fún àwọn: láti àárọ̀ dalẹ́, omi tó ń jáde kò kún jọ́ọ̀gì. Mo yẹ ẹ̀rọ náà wò, kò sí nǹkan tó ṣe é. Mo bá jáde lọ wo tánkì. Bí omi bá fi mítà 10 ga ju ẹ̀rọ lọ, agbára tó ń mú wá kò ju nǹkan bíi 14 psi. Tánkì Màmá kò ga tó ìdajì ìyẹn, bẹ́ẹ̀ ọ̀pọ̀ ẹ̀rọ RO inú ilé ń fẹ́ 40 psi, ó kéré tán. Nílùú tí omi ìjọba ti ń tú jáde tagbáratagbára, wọ́n lè so ẹ̀rọ náà mọ́ páìpù lásán kó sì ṣiṣẹ́. Níbi tó bá jẹ́ pé tánkì orí òpó ló ń pín omi sílé, ẹ ó nílò pọ́ǹpù kékeré tí yóò máa ti omi, pọ́ǹpù náà yóò sì nílò iná. Màmá wò mí, wọ́n ní, “Ọmọ mi, kò sẹ́ni tó sọ fún mi pé màá tún ra pọ́ǹpù.” Òótọ́ ni wọ́n sọ. Ọlọ́jà tí kò bá béèrè gíga tánkì yín àti bí iná ṣe rí ládùúgbò yín, tó sì ti na ọwọ́ fún owó, kò tíì mọ ohun tó fẹ́ tà fún yín.

Ọ̀rọ̀ iyọ̀ ló kàn, ibẹ̀ sì ni wọ́n ti ń kó àwọn èèyàn láyà jẹ jù. Ọlọ́jà á gbé kọ́ọ̀bù méjì kalẹ̀, omi kànga nínú ọ̀kan, omi RO nínú èkejì. Á ki ọ̀pá irin bọ inú méjèèjì, á sì tan iná sí i. Kò ní pẹ́ tí omi kànga á fi pọ́n rúsúrúsú, tí ìfófòó á bo orí rẹ̀, tí omi RO á sì mọ́ kedere síbẹ̀. Á wá ní, “Ẹ wo májèlé tí ẹ ń fún àwọn ọmọ yín mu!” Mo ti bá abiyamọ tó ń sunkún nídìí irú kọ́ọ̀bù bẹ́ẹ̀. Irin ara ọ̀pá yẹn gan-an ló ń yọ́ sínú omi. Iyọ̀ àti àwọn ohun mìíràn tó ti yọ́ sínú omi kànga ló ń jẹ́ kí iná kọjá, iná ló sì ń jẹ irin náà. Iyọ̀ inú omi RO kò tó nǹkan, nítorí náà iná kò rí ọ̀nà gbà. Níwájú oníbàárà, mo máa ń bu iyọ̀ ọbẹ̀ díẹ̀ sínú kọ́ọ̀bù omi RO yẹn, màá ní kí ọlọ́jà tún tan iná. Òun náà á pọ́n. Omi kan ò lè di májèlé nítorí iyọ̀ ọbẹ̀ ṣínńṣín.

Mítà TDS tí wọ́n ń rì bọ omi náà kò yàtọ̀ púpọ̀ sí ìyẹn: bí iná ṣe ń gba inú omi kọjá ló fi ń mọ bí ohun tó yọ́ sínú rẹ̀ ṣe pọ̀ tó. Irú ohun tí wọ́n jẹ́ kò hàn sí i. Ìlànà omi mímu Nàìjíríà gba TDS, ìyẹn àpapọ̀ ohun tó yọ́ sínú omi, dé 500 mílígíráàmù nínú lítà kan, àmọ́ òjé kò gbọdọ̀ ju 0.01 lọ. Mítà ọwọ́ kò lè rí ohun tó kéré tó bẹ́ẹ̀. Kòkòrò àrùn kò sì sí lójú rẹ̀ rárá. Omi tí mítà ka 30 fún lè gbé onígbáméjì wọlé. Omi tó ka 300 lè dára fún ọmọ ọwọ́. Mítà náà wúlò o, ibi tó ti wúlò ni kí ẹ lò ó sí: ẹ fi wọn omi tó ń wọ ẹ̀rọ, kí ẹ fi wọn èyí tó ń jáde. Bí ẹ̀rọ tó ń sọ 300 di 15 bá bẹ̀rẹ̀ sí í sọ ọ́ di 90, ó ti rẹ membrane nìyẹn. Ẹ kọ́kọ́ jẹ́ kí omi ṣàn díẹ̀ kí ẹ tó wọ̀n ọ́n, nítorí pé èyí tó sun inú ẹ̀rọ mọ́jú máa ń ka jù bó ṣe yẹ lọ.

Ibi tí àyà mi ti ń já jù ni ọ̀rọ̀ kòkòrò. Kò sí ohun tí mo ń gbọ́ tó “RO wà nílé wa, kò sí àrùn tó lè wọlé.” Lóòótọ́, kòkòrò tóbi ju ihò membrane lọ. Ṣùgbọ́n rọ́bà tó di etí rẹ̀ lè ṣí díẹ̀, omi kànga á sì yọ́ gba ibẹ̀. Ohun kejì ni pé kilorínì máa ń ba membrane jẹ́, ìdí nìyẹn tí fíltà èédú fi wà níwájú rẹ̀ láti gbà á. Nígbà tí kilorínì bá ti kúrò, kò sí ohun tó ń ṣọ́ omi tó wà nínú tánkì abẹ́ síńkì mọ́. Kòkòrò lè bímọ síbẹ̀, ó sì lè bímọ sínú fíltà èédú tó gbẹ̀yìn. Ìwé ọ̀pọ̀ ẹ̀rọ wọ̀nyí fúnra wọn ló kọ ọ́ pé omi tí kò ní kòkòrò àrùn ni kí a so wọ́n mọ́, bẹ́ẹ̀ àwọn tó ń ka ìwé yẹn kò pọ̀.

Nígbà tí onígbáméjì jà l'Ékòó ní 2024, ọkùnrin kan sọ fún mi pé ọkàn òun balẹ̀ nítorí RO òun. Sọ́kàwéè aládùúgbò rẹ̀ kò jìnnà sí kànga rẹ̀. Mo bẹ̀ ẹ́ pé kó gbé omi náà lọ sí láàbù, kó sì máa se omi mímu títí tí èsì yóò fi dé. Èsì dé: kòkòrò inú ìgbẹ́ wà nínú kànga náà, bẹ́ẹ̀ ìlànà ni pé ẹyọ kan kò gbọdọ̀ sí nínú 100 mílílítà. Ẹni tó ń fi mítà TDS ṣọ́ irú ilé bẹ́ẹ̀, ó ń fi ẹ̀tẹ̀ sílẹ̀, ó ń pa làpálàpá. Iná UV, kilorínì tàbí sísè ló ń pa kòkòrò. Sísè pẹ̀lú ní ààlà tirẹ̀: kò lè yọ iyọ̀, kò lè yọ òjé, kò lè yọ nitrate tí sọ́kàwéè ń dà sínú kànga. Bí omi ṣe ń gbẹ lórí iná, ńṣe ni àwọn yẹn ń pọ̀ sí i nínú èyí tó kù. Iṣẹ́ RO wà lọ́tọ̀, iṣẹ́ iná wà lọ́tọ̀, àwọn ilé kan sì wà tó nílò méjèèjì.

Omi onírin ló ń pa ẹ̀rọ jù lọ́wọ́ wa. Alhaji kan ní Ìkòròdú ń pààrọ̀ membrane ṣáá, ó sì rò pé àwọn tó ń tà á fún òun ló ń rẹ́ òun jẹ. Omi rẹ̀ mọ́ bó ṣe ń jáde láti inú ilẹ̀, àmọ́ bó bá dúró nínú garawa, á pọ́n. Irin tó yọ́ sínú rẹ̀ ló ń bá afẹ́fẹ́ pàdé, tó ń dógùn-ún. Ohun kan náà ń ṣẹlẹ̀ lórí membrane, ìpẹtà á bo ojú rẹ̀, omi ò ní rí ọ̀nà kọjá mọ́. Bí irin bá ti ju 0.3 mílígíráàmù lọ nínú lítà kan, ìta ni kí ẹ ti yọ ọ́: ẹ jẹ́ kí omi bá afẹ́fẹ́ pàdé, kí fíltà irin gba ìpẹtà náà, kí omi tó wọ tánkì ilé. Ẹ̀yìn gbogbo ìyẹn ni RO ń bọ̀. A ṣe bẹ́ẹ̀ fún Alhaji, membrane rẹ̀ sì bẹ̀rẹ̀ sí í pẹ́.

Mo fẹ́ bá ẹ̀yin tí ẹ̀rù eegun ń bà sọ̀rọ̀ jẹ́ẹ́jẹ́ẹ́. Òótọ́ ni pé RO ń kó kálísíọ́ọ̀mù lọ pẹ̀lú iyọ̀. Ẹ jẹ́ ká ṣírò rẹ̀. Àgbàlagbà nílò nǹkan bíi 1000 mílígíráàmù lóòjọ́. Bí omi kànga bá ní 50 nínú lítà kan, lítà 2 tí èèyàn mu yóò fún un ní 100, ìdá kan nínú mẹ́wàá. Inú oúnjẹ ni ìyókù ti ń wá: wàrà, ẹ̀fọ́, ẹja kéékèèké tí a ń jẹ teegunteegun. Omi RO kì í wọ inú ara lọ fa eegun jáde. Ní ti pé ó kan díẹ̀, afẹ́fẹ́ carbon dioxide tí membrane kò lè dá dúró ló fà á, omi ọsàn tí à ń mu sì kan jù ú lọ dáadáa. Bí oúnjẹ ilé kò bá tó, tàbí tí omi náà bá tẹ́ lẹ́nu, fíltà kan wà tó ń dá kálísíọ́ọ̀mù àti magnẹ́síọ́ọ̀mù padà, kò sí aburú nínú rẹ̀. Ohun kan péré ni mo máa ń kìlọ̀: bí ẹ bá fi omi RO bọ ẹ̀fọ́, ẹ má da omi náà nù, nítorí pé ó máa ń fa ohun rere inú ẹ̀fọ́ sára.

Omi tó ń lọ sí gọ́tà náà tó ohun tí à ń sọ. Àjọ EPA ti ìjọba Amẹ́ríkà ní irú ẹ̀rọ yìí lè da gálọ́ọ̀nù 5 tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ nù kó tó fún wa ní ẹyọ 1. Kì í ṣe májèlé, omi ilé yín náà ni, iyọ̀ rẹ̀ ló kàn ki sí i. Kẹ́ẹ̀gì ni mo máa ń de páìpù rẹ̀ sí, kí wọ́n fi fọ ilé, kí wọ́n fi ṣan ṣáláńgà. Níbi tí omi ilẹ̀ bá ti níyọ̀ láti ìpìlẹ̀, ẹ má fi bomi rin ẹ̀fọ́ ọgbà.

Ẹ má jẹ́ kí iye ìpele ẹ̀rọ tàn yín jẹ pẹ̀lú. Àwọn ọlọ́jà á ní ẹ̀rọ àwọn jẹ́ onípele 7, àwọ̀ mèremère á wà lára rẹ̀. Fíltà ìdọ̀tí, fíltà èédú àti membrane ló ń ṣe iṣẹ́ gan-an. Àwọn fíltà iwájú ń fẹ́ pípààrọ̀ láàárín oṣù 6 sí 12, omi ẹlẹ́rẹ̀ sì lè mú kó yá ju bẹ́ẹ̀ lọ. Membrane tí wọ́n bá dáàbò bò dáadáa lè lo ọdún 2 tàbí 3. Bí ẹ kò bá tíì mọ ibi tí owó pípààrọ̀ yóò ti wá, ẹ má tíì rà á.

Láàbù ni ibi tí ó yẹ kí gbogbo ọ̀rọ̀ yìí ti bẹ̀rẹ̀. Ẹ jẹ́ kí wọ́n yẹ TDS, irin, nitrate, òjé àti kòkòrò inú omi yín wò. Bó bá jẹ́ kòkòrò nìkan ni wọ́n rí, sísè tàbí UV tó yín, ẹ fi owó tó kù ra oúnjẹ sílé. Bó bá jẹ́ iyọ̀, nitrate tàbí òjé, RO ni mo mọ̀ tó lè gbà yín nínú ilé, ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni fi ọ̀rọ̀ eegun lé yín sá. Bí ọlọ́jà bá sì dé, èsì láàbù ni kí ẹ kọ́kọ́ fi lé e lọ́wọ́. Ẹ ní kó fi ìka tọ́ka sí ohun tó wà níbẹ̀ tí ẹ̀rọ rẹ̀ máa yọ, àti èyí tí kò lè yọ. Bí kò bá lè dá yín lóhùn, ẹ má sanwó.