Ohùn Ernie, ohùn Ìjàpá

Ẹ̀yin ará wa ní Kétu, Ṣábẹ, Àjàṣẹ́ àti Atakpamé, ọ̀rọ̀ ọkùnrin ará Họ́láńdì kan ni mo fẹ́ bá yín sọ lónìí. Wim T. Schippers lorúkọ rẹ̀.

Ìlú Groningen ni wọ́n bí i sí ní 1942. Iṣẹ́ ọnà ló kọ́kọ́ fi gbajúmọ̀, irú èyí tó máa ń mú àwọn àgbà mirí. Ó da ẹ̀pà lílọ̀ sílẹ̀ nínú yàrá, ó tẹ́ ẹ pẹrẹsẹ bí ẹní, ó ní iṣẹ́ ọnà ni. Ní 1986, ó gbé eré kan jáde lórí ìtàgé ní Amsterdam, ajá ni gbogbo òṣèré inú rẹ̀! Ọ̀rọ̀ náà dé ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin.

Ṣùgbọ́n ohùn rẹ̀ ló wọ ilé gbogbo. Ní oṣù kìn-ín-ní 1976, ètò àwọn ọmọdé kan tó ń jẹ́ Sesamstraat bẹ̀rẹ̀ lórí tẹlifíṣọ̀n wọn. Amẹ́ríkà ni wọ́n ti mú ìpìlẹ̀ rẹ̀ wá. Ọmọlangidi méjì wà níbẹ̀, Bert àti Ernie. Bert le bí ọ̀gá iléèwé, Ernie kò mọ̀ ju àwàdà lọ. Schippers ló ń sọ̀rọ̀ fún Ernie, Paul Haenen ń sọ̀rọ̀ fún Bert. Schippers náà ló tún sọ̀rọ̀ fún Kermit, ọ̀pọ̀lọ́ inú ètò náà.

Iṣẹ́ yẹn ju ìtumọ̀ lásán lọ. Wọ́n ti ya àwòrán tán ní Amẹ́ríkà, ẹnu ọmọlangidi ti ṣí, ó ti pa dé. Bó bá ṣí lẹ́ẹ̀mẹta, ọ̀rọ̀ tó bá ìṣísílẹ̀ mẹ́ta mu ni wàá wá, kó sì tún pa ọmọdé lẹ́rìn-ín.

Ohun tó mú mi ronú jù nìyí. Ní ìbẹ̀rẹ̀, Họ́láńdì nìkan kọ́ ló ṣe ètò náà. Tẹlifíṣọ̀n àwọn ará Flanders ní Belgium bá wọn dá a pọ̀. Èdè kan náà ni wọ́n ń sọ, ààlà ló là wọ́n láàárín. Ní Flanders, Faransé ló jẹ́ èdè àwọn ọ̀mọ̀wé fún ìgbà pípẹ́. 1930 ni yunifásítì Ghent tó bẹ̀rẹ̀ sí í fi èdè àwọn ará ìlú nìkan kọ́ni. Ẹ wò ó, ta ni ọ̀rọ̀ yìí jọ?

Àbúrò mi obìnrin ń gbé ní Kútọnu. Ọmọ rẹ̀ ọlọ́dún mẹ́fà gbọ́ Yorùbá, ṣùgbọ́n Faransé ló fi ń dáhùn. Mo bi í léèrè ìdí. Ó ní ìyá àgbà nìkan ló ń sọ Yorùbá, pé kò sí ẹni tó ń sọ ọ́ nínú àwọn eré tí òun ń wò. Kò bínú, ohun tó rí ló sọ. Ọ̀rọ̀ náà ká mi lára.

Àwọn kan á ní owó ni kò sí. Òótọ́ ni. Àwọn mìíràn á ní èdè wa ṣòro fún irú iṣẹ́ yìí: ọkọ, ọkọ́, ọkọ̀, bí orin àjèjì bá gbé ohùn sókè níbi tí kò yẹ, ìtumọ̀ ti dàrú. Òótọ́ nìyẹn náà. Ṣùgbọ́n àwọn ìyá wa ti ń ṣe iṣẹ́ náà kí tẹlifíṣọ̀n tó dé. Bí wọ́n bá ń pa àlọ́, Ìjàpá á máa ránmú, Ẹkùn á máa bú ramúramù. Ta ló sanwó fún wọn?

Láti oṣù tó kọjá, ní gbogbo alẹ́ Sátidé, mo ń fi fóònù gba ohùn àlọ́ kan ránṣẹ́ sí ọmọ yẹn. Ọ̀sẹ̀ kìn-ín-ní, kò fèsì. Ọ̀sẹ̀ kejì, ó ní kí n tún un pa. Ọ̀sẹ̀ kẹta, ìyá rẹ̀ fi ohùn rẹ̀ ránṣẹ́ sí mi: ó ń ránmú bí Ìjàpá, ó ń fi Yorùbá bẹ̀bẹ̀ pé kí wọ́n fún òun ní àkàrà sí i.

Ẹ̀yin tí ẹ mọ àlọ́, ẹ gbé fóònù yín. Ẹ pa ọ̀kan lọ́sẹ̀ yìí, ní ẹ̀ka èdè ìlú yín gan-an. Ọmọ Kétu á gbọ́ ti Ṣábẹ, ọmọ Ṣábẹ á gbọ́ ti Ifẹ̀ Tógò. Ẹ sì sọ fún wa: irú ohùn wo ni ìyá yín fi ń ṣe Ìjàpá?