Òru tí a bá kíríkẹ́ẹ̀tì ṣàìsùn

Ilé ìwé Faransé ló tọ́ wa. Kò sẹ́ni tó kọ́ wa ní kíríkẹ́ẹ̀tì. Ṣùgbọ́n àbúrò wa tó wà ní Texas ní ọmọkùnrin kan, ọmọ ọdún méjìlá, tí kò gbọ́ Yorùbá, tí kò sì gbọ́ Faransé. Bó bá pè, "Hẹ́lò" ni, ó parí. Ìyá wa á kàn máa rẹ́rìn-ín sínú fóònù.

Kíríkẹ́ẹ̀tì ni ọmọ náà fẹ́ràn. Nígbà tí Amẹ́ríkà àti Kánádà fẹ́ ṣí Ife Àgbáyé T20 ti 2024 nítòsí Dallas, a ní a ó bá a wò ó. (Láti 1844 làwọn méjèèjì ti kọ́kọ́ bá ara wọn gbá a ní New York, ọdún 45 kí Faransé àti Gẹ̀ẹ́sì tó fa ààlà 1889 gba àárín wa kọjá.) Agogo kan ààbọ̀ òru ni ní Kétu níbí.

Kánádà kó 194. Òfin kan ṣoṣo la mọ̀: bí bọ́ọ̀lù bá fò kọjá ààlà pápá láìkanlẹ̀, mẹ́fà ni. Aaron Jones gbá irú rẹ̀ mẹ́wàá! Òun nìkan gba 94, wọn ò sì rí i lé jáde. Ọmọ á ké "Six!" lórí fóònù, àwa náà á ké "Mẹ́fà!" Nígbà tó di ìkẹjọ, òun ló kọ́kọ́ ké "Mẹ́fà!"

Igbe yẹn jí ìyá wa.

"Ta nìyẹn?"

"Ọmọ ọmọ yín ni, Ìyá."

Wọ́n gba fóònù lọ́wọ́ wa. "Méje ńkọ́?"

Amẹ́ríkà dé 197, ó sì borí, ṣùgbọ́n a ò fojú sí i mọ́. Ìyá àti ọmọ ọmọ ti kà á dé mẹ́tàlá.